Bí A Ṣe Ń Po Oògùn Ikọ́ Tó Ń Dá Ọjà Rú

Ẹ̀yin ọmọ mi tí ẹ ń ṣeré ní ṣọ́ọ̀ṣì àti nílé ìwé, pẹ̀lú ẹ̀yin tí ẹ ń ya skíìtì ní Under G nílùú Ògbómọ̀ṣọ́, ẹ kú iṣẹ́ o. Eré Dókítà Gbogboǹṣe yìí ni gbogbo yín ń bá mi fà. Ọ̀kan á pè láàárọ̀: "Màámi, kí lẹ fi sí omi yẹn tó fi ń yí àwọ̀?" Òmíràn á kanlẹ̀kùn nírọ̀lẹ́: "Ẹ jọ̀ọ́ mà, kí ni wọ́n fi ń mú un hó?" Èmi ti fẹ̀yìn tì lẹ́nu iṣẹ́ tíṣà kẹ́mísírì, kẹ́mísírì ni kò gbà láti fẹ̀yìn tì lọ́dọ̀ mi. Mo ti kọ gbogbo ẹ̀ sílẹ̀ báyìí. Kí ẹnikẹ́ni má jí mi lójú oorun ọ̀sán mọ́ nítorí sóbò.

Fún ẹni tí kò ì wo eré náà rí: Dókítà Gbogboǹṣe kì í ṣe dókítà. Ẹ̀yìnkùlé ìyá rẹ̀ ló ń gbé, àgolo àti ìgò ló yí i ká, gbogbo àdúgbò sì gbà pé orí rẹ̀ kò pé tó bó ṣe yẹ. Ó ní òun ti po oògùn ikọ́ tí irú ẹ̀ kò sí rí, ó gbé e lọ sọ́jà. Oògùn náà ń ṣiṣẹ́ lóòótọ́. Wàhálà ibẹ̀ ni pé kí ikọ́ tó lọ, òótọ́ tó wà níkùn ẹni ló máa ń bá a jáde. Ẹlẹ́ran wúkọ́, ó sọ ọjọ́ tí wọ́n ti pa màlúù. Onígààrí wúkọ́, ó sọ ohun tó ṣe ìdí kọ́ńgò. Kí ẹ tó pajú dé, ọjà ti dàrú.

Ohun kan ṣoṣo ni mo fẹ́ kí ẹ dì mú ṣinṣin. Òǹwòran gbọ́dọ̀ fojú ara rẹ̀ rí i pé oògùn náà lágbára kí ẹnikẹ́ni tó fẹnu kàn án. Bó bá ti rí i, ó tó. Ẹ gbé ìgò sẹ́gbẹ̀ẹ́, ẹ má pidán kankan mọ́ títí eré á fi parí, ènìyàn ló kù tó máa ṣiṣẹ́. Ọ̀pọ̀ ẹgbẹ́ tí mo ti wò ló ń da ìfófòó káàkiri láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin, tí àwọn ọmọdé á máa pariwo "Ẹ tún un ṣe! Ẹ tún un ṣe!" tí kò ní sẹ́ni tó gbọ́ ohun tí eléré ń sọ mọ́. Ìyẹn kì í ṣe eré, ìfọṣọ ni.

Ẹ jẹ́ ká bẹ̀rẹ̀ lórí àwọ̀. Ẹ lọ sí Sábó, ẹ ra sóbò, èèpo òdòdó ìṣápá pupa gbígbẹ yẹn. Ẹ̀kúnwọ́ kan ti tó. Ẹ da omi gbígbóná lé e, ẹ bò ó títí á fi tutù, ẹ fi aṣọ mímọ́ sẹ́ ẹ. Èyí tí ẹ sẹ́ yẹn ki jù, ẹ má gbé e jáde bẹ́ẹ̀. Sóbò fúnra rẹ̀ kan, bó bá ki, kíkan rẹ̀ á pa gbogbo ohun tí ẹ fẹ́ fi yí i. Ẹ máa bu omi là á títí tó fi jẹ́ pé bí ẹ bá gbé gíláàsì sókè, tí ẹ na ìka sẹ́yìn rẹ̀, ẹ ó rí ìka náà kedere. Ibẹ̀ ni kí ẹ dúró.

Gíláàsì mẹ́ta ló máa wà lórí tábìlì Dókítà. Ojú òǹwòran ni pé òfìfo ni wọ́n, ṣùgbọ́n ẹ ti fún omi ọsàn wẹ́wẹ́ ẹyọ kan sídìí àkọ́kọ́. Ẹ fi ìkejì sílẹ̀ bẹ́ẹ̀. Ìdá kan nínú mẹ́rin ṣíbí tíì baking soda, tí ẹ ti fi omi díẹ̀ yò, ló wà nídìí ẹ̀kẹta. Kí Dókítà wá máa da sóbò sí wọn lọ́kọ̀ọ̀kan. Àkọ́kọ́ á pọ́n fòò. Ìkejì á wà bó ṣe wà. Ẹ̀kẹta á di búlúù, á sì máa tẹ̀ sí àwọ̀ ewé lójú gbogbo ènìyàn. Ẹ jẹ́ kí ariwo "háà" lọ sílẹ̀ ná. Nígbà náà ni kó gbé gíláàsì àkọ́kọ́, kó dà á sínú ẹ̀kẹta: á hó ṣùù, á sì padà pupa. Mo ti rí àgbà ọkùnrin tó dìde lórí àga nítorí ìyẹn.

Kò sí awo níbẹ̀. Aró tó wà lára ìṣápá pupa máa ń pọ́n bí ó bá wà nínú ohun tó kan, á sì di búlúù tàbí àwọ̀ ewé bó bá bọ́ sínú ohun tó jẹ́ òdì kíkan. Híhó yẹn, afẹ́fẹ́ tó ń jáde níbi tí ọsàn wẹ́wẹ́ àti soda ti pàdé ni. Kán-ún tí ẹ ń bù sí ewédú náà lè ṣe iṣẹ́ yìí, ṣùgbọ́n ó máa ń ní iyẹ̀pẹ̀ tó ń sùn sídìí gíláàsì, ẹni tó bá jókòó níwájú á rí i. Omi eérú tún le jù ú lọ, ọ̀rọ̀ mi lórí rẹ̀ ni pé kí ẹ má sún mọ́ ọn, nítorí ó ń jẹ awọ ara.

Ìfófòó wá kàn. Ẹ̀ẹ̀kan ṣoṣo ló máa wáyé, nígbà tí Dókítà bá fẹ́ fi ìgò ńlá rẹ̀ han ọjà. Ẹ ra hydrogen peroxide nílé oògùn, èyí tó jẹ́ 3%, tí wọ́n fi ń fọ ojú ọgbẹ́. Ẹ wá ìgò tí ọrùn rẹ̀ tín-ín-rín. Ìgò ṣìnáàpù ló wù mí jù nítorí pé ó ti ní ojú oògùn láti ilé ọlọ́tí. Ẹ da ìdajì ife peroxide náà sínú ẹ̀, ẹ fi ṣíbí ọṣẹ olómi kan lé e. Nínú ife mìíràn, ẹ po ṣíbí tíì kan yíìsì, irú èyí tí wọ́n fi ń ṣe búrẹ́dì, mọ́ omi lílọ́wọ́ọ́wọ́ ṣíbí mẹ́ta. Ẹ jẹ́ kó jókòó díẹ̀ kó jí. Bí ẹ bá wá dà á sínú ìgò, ìfófòó á gun ọrùn ìgò bọ̀ bí ẹni tí wọ́n ránṣẹ́ pè. Ohun kan wà lára yíìsì tó ń tú peroxide ká sí omi àti ọ́síjìn, ọṣẹ ló ń mú ọ́síjìn náà mọ́lẹ̀ tó fi ń di ìfófòó. Ẹ ó rí i pé ìgò náà á lọ́ wọ́ọ́rọ́. Bó ṣe yẹ kó rí nìyẹn.

Lásìkò ọyẹ́, omi lílọ́wọ́ọ́wọ́ yẹn kì í ṣe àṣàyàn. Ọyẹ́ Ògbómọ̀ṣọ́ ẹ náà ẹ mọ̀ ọ́n, bí yíìsì bá bá omi tútù pàdé láàárọ̀ oṣù Kejìlá, sísùn ló máa sùn, Dókítà á dúró sójú ọjà á máa wo ìgò, ìgò á máa wò ó.

Ẹ gbọ́ èyí dáadáa. Peroxide tí àwọn onírun ń lò ní sálúùnù fi ń pa irun láró kì í ṣe ti eré. Ó le ju 3% lọ fíìfíì, ó ń jó awọ, ó sì lè ba ojú jẹ́. Ẹ má fi ìdérí de ìgò tí ìfófòó wà nínú rẹ̀ rárá, nítorí afẹ́fẹ́ tí kò bá rọ́nà jáde á fọ́ ìgò sí yín lójú. Ẹni tó bá sì mú kábáàdì wá láti ọ̀dọ̀ wẹ́dà pé òun fẹ́ kó "dún gbàà," kó dá a padà kó tó jókòó. Gáàsì tí kábáàdì àti omi ń bí ni wẹ́dà fi ń jó irin, kò mọ eré. Dókítà wọ ẹ̀wù funfun, ó wọ ìbọ̀wọ́ rọ́bà, ó wọ awò ńlá tó bo ojú. Òǹwòran á rò pé aṣọ aṣiwèrè ni, èmi àti ẹ̀yin mọ̀ pé ààbò ni.

Ohun tí a fihàn kì í ṣe ohun tí a ń mu. Ìgò méjì ló máa wà, ọmọ bíbí kan náà lójú. Ẹ so òwú pupa mọ́ ọrùn èyí tí wọ́n ń mu, sóbò tí ẹ fi atalẹ̀ àti ṣúgà sè láàárọ̀ ọjọ́ eré ló sì wà nínú ẹ̀, kò sí ohun mìíràn. Ẹni tí kò kópa nínú eré ni kó di ìgò yìí mú, kó má sì gbé e sílẹ̀ fún ẹnikẹ́ni títí tí wọ́n á fi bèèrè rẹ̀. Ìdérí ìgò ni kí Dókítà fi máa wọn oògùn fún wọn, kí oníkálukú ní ìdérí tirẹ̀ lápò. Ó mọ́, ó sì ń pani lẹ́rìn-ín láti rí ẹlẹ́ran tó sanra tó ń fi ìka méjì gbé ìdérí bíńtín sẹ́nu.

Lára ìgò, ẹ lè kọ ohunkóhun tó bá wù yín. "Ẹ mì ín kó tó mì yín" ni tiwa. Ẹ má kọ nọ́ńbà NAFDAC kankan sí i. Láti 1993 ni ìjọba ti dá àjọ yẹn sílẹ̀, ará ọjà sì ti mọ̀ pé nọ́ńbà yẹn ni kí àwọn wá lára oògùn. Bí wọ́n bá rí i, eré ti di òwò nìyẹn. Ẹ má dárúkọ ẹ̀jẹ̀ ríru, ẹ má dárúkọ àtọ̀gbẹ, ẹ má dárúkọ ìgbẹ̀bí. Ikọ́ lásán ti tó. Lẹ́yìn eré kan báyìí, ìyá àgbà kan fà mí lápá, ó ti tú owó létí aṣọ, ó ní kí n bá òun bẹ dókítà yẹn kó ta ìgò kan fún òun, àti pé òótọ́ inú òun kò pọ̀, òun á fara dà á.

Ó wá ku ikọ́, èyí tó jẹ́ pé òun gan-an ni eré. Ní oṣù Kìíní ọdún 1826, òyìnbó kan tó ń jẹ́ Hugh Clapperton dé Ọ̀yọ́-Ilé, wọ́n sì ṣeré apidán fún un ní oṣù Kejì. Ó kọ ọ́ sílẹ̀ pé ẹnì kan wọ inú àpò, erè ńlá ló jáde níbẹ̀. Wọ́n tún gbé òyìnbó jáde: funfun báláú, tẹ́ẹ́rẹ́, òtútù ń mú un, ó ń fín aṣáà, ó ń fọwọ́ rawọ́, ó sì ń rìn bí ẹni tí kò fẹsẹ̀ lásán tẹlẹ̀ rí. Àwọn èrò ń yíjú sí Clapperton pé ṣé kò dára bẹ́ẹ̀. Ẹ wo ohun tí àwọn bàbá wa ṣe. Wọn kò sọ ọ̀rọ̀ kan nípa òyìnbó. Ẹsẹ̀ rẹ̀ ni wọ́n mú, aṣáà rẹ̀ ni wọ́n mú, ó parí. Kò sì sí kábáàdì lọ́wọ́ wọn.

Nítorí náà, ikọ́ ni kí ẹ mú. Ẹ̀ẹ̀mẹta ni eléré kọ̀ọ̀kan máa wúkọ́. Àkọ́kọ́ jẹ́ ti ọ̀fun, kékeré, bí ẹni tó fẹ́ sọ̀rọ̀ ní ìpàdé. Ìkejì wá láti àyà, ó sì ya ẹni tó wú u lẹ́nu. Ẹ̀kẹta wá láti ìsàlẹ̀ ikùn, ara á tẹ̀ síwájú, ojú á là, ọwọ́ méjèèjì á sáré lọ bo ẹnu, ọ̀rọ̀ á sì gba àárín ìka jáde. Ọwọ́ yẹn ṣe pàtàkì. Kò fẹ́ sọ ọ́! Ẹni tó bá ń fi ayọ̀ jẹ́wọ́ kò pa ẹnikẹ́ni lẹ́rìn-ín, á kàn dà bí ẹni tó wà níwájú pásítọ̀. Bí ẹ bá ní onígángan, kí ó fi ìlù wú ikọ́ náà tẹ̀ lé e: hùn, hùn, hùn-ún. Títí ẹ̀kẹrin ènìyàn bá fi mu oògùn, ìlù nìkan á ti máa pa wọ́n lẹ́rìn-ín kí eléré tó la ẹnu.

Bí a ṣe máa ń ṣe ti onígààrí rèé:

"Ìyá Rísì, ẹ tún wọ̀n ọ́n, ẹ tún wọ̀n ọ́n. Kọ́ńgò yìí kò kún."
"Ó kún! Ṣé ojú ń dùn ẹ́ ni? Kọ́ńgò yìí... hùn, hùn... hùn-ún! Mo tẹ ìdí ẹ̀ wọnú! Ọkọ mi ló bá mi fi òòlù lù ú!"
"Háà! Láti ìgbà wo?"
"Láti... hùn-ún!... láti ìgbà tí o ti ń fún Kúnlé lọ́mú."
"Kúnlé tó ti wà ní LAUTECH?"
"Òun náà ni. Ẹ kú oríire."

Ẹ rí i pé òótọ́ yẹn, gbogbo ọjà ló mọ̀ ọ́n. Kò sí ìyàwó ilé kan ní Ògbómọ̀ṣọ́ tí kò tíì yí kọ́ńgò dojú bolẹ̀ rí kó wo ìdí ẹ̀. Irú òótọ́ bẹ́ẹ̀ ni kí ẹ máa wá: ata tó dára lókè tó jẹrà nísàlẹ̀, láfún tí wọ́n lú mọ́ ohun tí kì í ṣe láfún, télọ̀ tó ní ọ̀túnla láti ọdún ìjẹta. Ẹ fi ọjà ṣáájú, kí ẹ tó fi ilé tẹ̀ lé e: ọkọ tó ní owó oṣù òun kò tíì wọlé, ìyàwó tó ní ẹran ti tán nínú ìkòkò. Ṣùgbọ́n kí ẹnikẹ́ni má wú "ọmọ yìí kì í ṣe tìẹ" jáde. Gbogbo ẹgbẹ́ ló ń sá sí i, ó sì ti sú mi. Yàtọ̀ sí ìyẹn, tọkọtaya tó jókòó láàárín èrò kò bá yín ṣàdéhùn pé ẹ máa gbé ìjà lé àwọn lọ́wọ́ lọ sílé. Bákan náà, ẹ má ki orúkọ ẹnikẹ́ni tó wà láyé bọ̀ ọ́, ẹ má fọwọ́ kan ààfin, ẹ má fọwọ́ kan ẹ̀sìn.

Rúkèrúdò ní bó ṣe ń gòkè. Orí ló ń kọ́kọ́ yí, lẹ́yìn náà ọwọ́ á yọ, ìgbà yìí ni ẹrù á ṣubú, ẹ̀yìn náà ni wọ́n á wá máa sáré. Bí wọ́n bá bẹ̀rẹ̀ sí í sáré látàárọ̀, kí ni wọ́n fẹ́ ṣe bó bá di ọ̀sán? Ohun tó dáa jù fún ṣíṣubú ni ọsàn, nítorí ó ń yí, èrò ìwòran á sì máa bá yín ṣà á láìjẹ́ pé ẹ bẹ̀ wọ́n. Agolo òfìfo fún ariwo. Ẹ má da gààrí gidi sílẹ̀, àwọn àgbà á bínú, wọ́n sì jàre. Ìyẹ̀fun pákó láti ilé ìlagi jọ gààrí dáadáa, ẹ kàn wọ́n omi sí i kí atẹ́gùn má gbé e wọ ojú ènìyàn.

Pápá ilé ìwé tàbí ọgbà ṣọ́ọ̀ṣì ni mo fọwọ́ sí. Ẹ̀yin onískíìtì, mo mọ̀ pé ọjà gidi ni ojú yín wà. Bó bá jẹ́ Arówómọ́lẹ̀ ni ẹ fẹ́ lọ, ẹ kọ́kọ́ lọ kí ìyálọ́jà, ẹ sọ gbogbo eré náà fún un láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin, ẹ sì rí i dájú pé gbogbo ẹni tó máa mu oògùn jẹ́ eléré yín. Ẹ jẹ́ kí àgọ́ ọlọ́pàá tó wà nítòsí gbọ́. Àwọn ọ̀rọ̀ kan sì wà tí ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ pariwo, bó ti wù kí eré dùn tó: "Olè!" "Gbọ́mọgbọ́mọ!" "Iná!" Ẹni tó ń bọ̀ láti òdìkejì ọjà kò mọ̀ pé ẹ ń ṣeré, ẹsẹ̀ tó bá gbé kò ní bèèrè kó tó délẹ̀. Ẹ fi agogo sọ́wọ́ ẹnì kan tó lójú inú. Ìgbà tó bá lù ú, kí gbogbo eléré dúró gbagidi níbi tó bá bá wọn.

Ọ̀pọ̀ yín ló máa ń fi Dókítà fúnra rẹ̀ parí ẹ̀, pé kó mu oògùn kó jẹ́wọ́. Òǹwòran ti mọ̀ bẹ́ẹ̀ látìbẹ̀rẹ̀. Ìyá rẹ̀ ni kí ẹ gbé wọlé. Kó dé láti ilé pẹ̀lú ìpọnmi lọ́wọ́, kó bá ọjà tó ti dojúrú, kí ẹnì kan sì ki ìdérí oògùn bọ̀ ọ́ lẹ́nu. Kó tọ́ ọ wò. Kó tún un tọ́ wò. Kó má wúkọ́ rárá. "Gbogboǹṣe! Sóbò tí mo fẹ́ gbé lọ sí ìnáwó àwọn Ìyá Àdìó lo kó wá síbí?" Ìlù á dákẹ́. Gbogbo ẹni tó ti jẹ́wọ́ á máa wo ara wọn, nítorí kò sí oògùn tó mú wọn sọ ọ́. Àǹfààní mìíràn sì wà níbẹ̀: ẹni tó ń tú owó létí aṣọ lẹ́yìn yẹn ti gbọ́ létí ara rẹ̀ pé sóbò ni.

Nígbà tí ẹ bá ń palẹ̀ mọ́, ẹ da ìyókù peroxide nù, kí ẹ bu omi púpọ̀ tẹ̀ lé e, ẹ má fi í sínú ike omi láéláé. Ẹ fọ gíláàsì. Ẹ ṣa agolo. Ẹni tó bá yá kọ́ńgò lọ́wọ́ onígààrí gidi, kó dá a padà kí ilẹ̀ tó ṣú, kó má sì wo ìdí ẹ̀ lójú ẹni tó ni ín.